Ṣé ọ̀rọ̀-ìṣe Yorùbá kò mọ àná yàtọ̀ sí òní?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olùkọ́ wa. Obì ni mo ń tà ní Ṣàgámù, àwọn Haúsá ló pọ̀ jù nínú àwọn oníbàárà mi. Ọmọ mi obìnrin ti bẹ̀rẹ̀ Faransé níléèwé. Wọ́n ní kí wọ́n há bí ‘lọ’ ṣe ń yí padà sórí, ó wá bi mí pé, ‘Màmí, kí ni lọ ti àná ń jẹ́ ní Yorùbá?’ Mi ò rí nǹkan sọ. Ó ní olùkọ́ àwọn sọ pé ọ̀rọ̀-ìṣe Yorùbá kò ní gírámà, pé kò mọ àná yàtọ̀ sí òní. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni? Ẹ̀ẹ̀kejì, nínú iṣẹ́ àṣetiléwá Yorùbá rẹ̀, ó kọ ‘mo rà obì’, wọ́n fagi lé e. Ó kọ ‘obì tí mo ra’, wọ́n tún fagi lé e. Ṣé rà kan náà kọ́ ni? Ẹ jọ̀wọ́, ẹ là á yé wa, kí ẹ sì sọ bí mo ṣe lè ràn án lọ́wọ́ nínú Faransé yìí, èmi tí mi ò gbọ́ ọ rárá.

Ìdáhùn: Ìyá wa, ẹ kú ọjà, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ. Ẹ jẹ́ kí n ti ibi tó dùn mí jù bẹ̀rẹ̀. Èdè tí kò ní gírámà kò sí. Bí ẹnìkan bá sọ̀rọ̀ tí ẹlòmíràn sì gbọ́ ọ yé, ìlànà kan wà tí àwọn méjèèjì jọ mọ̀. Ti Yorùbá kò tilẹ̀ fara pamọ́. Àjàyí Crowther ti tẹ àlàyé gírámà mọ́ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá tó gbé jáde ní 1843. Ní 1966, Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé, ọmọ Òdópótù nílẹ̀ Ìjẹ̀bú wa níbí, gbé odindi ìwé jáde lórí gírámà èdè yìí. Ẹni tó bá ní kò sí, kò tíì wá a ni.

Òótọ́ kan wà nínú ọ̀rọ̀ olùkọ́ náà o: ara ọ̀rọ̀-ìṣe wa kì í yí nítorí àsìkò. Lọ ni lọ. Mo lọ, o lọ, ó lọ, a lọ, ẹ lọ, wọ́n lọ. Lọ́dọ̀ àwọn Faransé, je vais, tu vas, il va, nous allons, vous allez, ils vont ni. Tó bá sì di ọ̀rọ̀ ọjọ́ iwájú, j’irai. Mo mọ̀ pé ó ń da ọmọ yín láàmú, ẹ sọ fún un pé kì í ṣe pé orí rẹ̀ kò pé. Va, allons àti irai kì í ṣe ọmọ ìyá kan náà. Ọ̀rọ̀-ìṣe ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n láyé ọjọ́un, kí ìlò ẹnu tó sọ wọ́n di ẹyọ kan. Gẹ̀ẹ́sì náà ṣe bẹ́ẹ̀: went tí wọ́n ń lò fún go àná, wend ló ni ín látijọ́, go kàn gbà á mọ́ ọn lọ́wọ́ ni. Ìtàn ló fà á, kò sí ọgbọ́n àrà kankan níbẹ̀ tí Yorùbá kò ní. Ẹni tó ń kọ́ èdè náà ní láti há a sórí, ó parí.

Ṣùgbọ́n pé lọ kì í yí kò ní ká má mọ àná. Ẹ wo gbólóhùn méjì yìí: ‘Mo ta obì.’ ‘Mo mọ Àlàájì yẹn.’ Kò sí nǹkan kan níwájú ọ̀rọ̀-ìṣe méjèèjì. Síbẹ̀, ẹni tó bá gbọ́ èkíní ti mọ̀ pé títà náà ti parí, owó ti wọlé. Ẹni tó bá gbọ́ èkejì kò ní rò pé mímọ̀ náà ti tán. Ẹ ṣì mọ̀ ọ́n títí di ìsinsìnyí. Kí ló yà wọ́n sọ́tọ̀? Tà jẹ́ ohun tí a ṣe, tó bẹ̀rẹ̀ tó sì parí. Mọ̀ jẹ́ ipò tí a wà. Rà, tà, lọ, wá, jẹ, gbé wà lápá kan. Mọ̀, ní, wà, ga, dára, pọ̀, pupa wà lápá kejì. Bí ọ̀rọ̀-ìṣe apá kìíní bá dá dúró, etí wa á gbé e lọ sẹ́yìn. Bó bá jẹ́ ti apá kejì, etí wa á fi í sílẹ̀ síbi tó wà, àfi tí a bá fi ọ̀rọ̀ mìíràn tì í: ‘Mo mọ̀ ọ́n nígbà tó ṣì ń gbé ní Sábó.’ Kò sẹ́ni tó kọ́ yín, ẹ ò sì ṣì í rí. Nínú ìwé Yorùbá ọmọ yín, orúkọ tí wọ́n fún un ni àsìkò afànámónìí, èyí tó fa àná mọ́ òní. Orúkọ yẹn bá a mu gan-an, ó sì yẹ kí ọmọ náà fi ìka tọ́ ọ fún ẹni tó bá ní Yorùbá kò mọ àsìkò.

Yorùbá nìkan kọ́ ló ń ṣe bẹ́ẹ̀. Bí Ìgbò bá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìsọ̀ yín, ẹ ó gbọ́ ọ gara ahịa, ìyẹn ‘ó lọ sọ́jà’, ohun tó ti kọjá. Ẹ ó tún gbọ́ ọ mara mma, ìyẹn ‘ó lẹ́wà’, ohun tó wà lójú wa báyìí. Ra kan náà ló so mọ́ ìdí gara àti mara. Lílọ lọ sí àná, ẹwà dúró sí òní. Ìwọ̀n tí a fi ń wọn ọ̀rọ̀-ìṣe ni àwọn náà fi ń wọ̀n ọ́n, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn so àmì mọ́ ọ̀rọ̀-ìṣe tiwọn, àwa kò so ó.

Ó wá ku àwọn ọ̀rọ̀ kéékèèké tó ń ṣáájú: ń, ti, máa, á, yóò. Ohùn wa ní Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ ní irú tirẹ̀, ṣùgbọ́n ti ìwé ni mo ń lò níbí, torí òun ni wọ́n fi ń dán ọmọ yín wò. Ẹ kíyè sí ń dáadáa. Ọ̀pọ̀ ènìyàn, títí kan àwọn tó ń kọ́ni, rò pé òní ló ń sọ. Ẹ gbọ́ èyí ná: ‘Nígbà tí ọkọ̀ dé lánàá, mò ń to obì sínú agbọ̀n.’ Àná ni, ń sì wà níbẹ̀. ‘Mò ń lọ sí Kánò lọ́la.’ Ọ̀la ni, ń tún wà níbẹ̀. Ń kò bá ọjọ́ ṣe rárá. Ohun tó ń sọ ni pé nǹkan náà wà lójú ọ̀nà, kò tíì débi tó ń lọ. Ti náà kò bá ọjọ́ ṣe: ‘mo ti tà á’ lónìí, ‘kí ẹ tó dé lọ́la, màá ti tà á’. Píparí ló ń sọ. Ibá-ìṣẹ̀lẹ̀ ni a ń pe irú èyí, ìyẹn bí ìṣẹ̀lẹ̀ ṣe rí nínú ara rẹ̀, yàtọ̀ sí ọjọ́ tó bọ́ sí. Iwájú nìkan ni Yorùbá ti ń fi ọ̀rọ̀ kan pàtó tọ́ka sí àsìkò, kì í sì í dárí ji ẹni tó bá yọ ọ́ kúrò. Àwọn ará Ṣáínà, tí wọ́n lé ní bílíọ̀nù kan, kì í yí ọ̀rọ̀-ìṣe wọn nítorí àsìkò. Wọ́n lè sọ wǒ míngtiān qù, ‘èmi, ọ̀la, lọ’, kí ọ̀rọ̀ sì tán síbẹ̀. Ẹ sọ ‘mo lọ lọ́la’ ní Ṣàgámù, kí ẹ wo ojú tí wọ́n máa fi wò yín. Ẹ ní láti ní ‘màá lọ’, tàbí kí ẹ fi ń sí i.

Àwọn ọ̀rọ̀ kéékèèké yìí ló ń yí, pàápàá tí a bá kọ̀. ‘Màá tà á’ di ‘mi ò níí tà á’. ‘Mo ti tà á’ di ‘mi ò tíì tà á’. ‘Mo máa ń tà á’ di ‘mi kì í tà á’. Ti ń ló yà mí lẹ́nu jù nínú gbogbo wọn: ‘mò ń tà á’ di ‘mi ò tà á’, ń pòórá pátápátá, a ò sì lè mọ̀ mọ́, àfi láti inú ọ̀rọ̀ tó yí i ká, bóyá ọjà àná ni ẹ ń sọ tàbí ti ìsinsìnyí. Ẹni tó bá ní kò sí gírámà níbí, kó wá ṣàlàyé ibi tí ń gbà lọ.

Ní ti Haúsá, ẹ̀rí wà létí yín lójoojúmọ́. Na sayi goro, ‘mo ra obì’. Bí wọ́n bá ń bá ẹ̀yin obìnrin sọ̀rọ̀, kin sayi. Bó bá jẹ́ ọkùnrin, ka sayi. Ọkùnrin kan rà á: ya sayi, obìnrin kan rà á: ta sayi. Ti iwájú: zan sayi. Ẹ ríi pé sayi dúró gbọn-in. Ẹni tó ṣe é àti àsìkò tó ṣe é ló lẹ̀ mọ́ra wọn níwájú rẹ̀, bí ‘mo’ ṣe lẹ̀ mọ́ ‘máa’ nínú ‘màá’ tiwa. Haúsá kò sì bá Yorùbá tan: ìdílé èdè tí Lárúbáwá wà ni tirẹ̀ wà, Yorùbá àti Ìgbò wà nínú òmíràn.

Àbí sayi kì í yí lóòótọ́? Ibí yìí ni ìbéèrè yín kejì ti wọlé, ó sì dùn mọ́ mi pé olóbì ló béèrè rẹ̀. Ẹ tẹ́tí sí Àlàájì dáadáa. Bó bá dárúkọ obì tẹ̀lé ọ̀rọ̀-ìṣe, á ní na sayi goro. Bó bá fi arọ́pò-orúkọ dípò obì, á ní na saye shi. Bó bá ti dárúkọ obì ṣáájú, tí kò sí nǹkan lẹ́yìn ọ̀rọ̀-ìṣe mọ́, á ní goron da na saya. Sayi, saye, saya: ọ̀rọ̀-ìṣe kan náà ni, ohun tó tẹ̀lé e ló ń yí ìparí rẹ̀. Ó ti wá yẹ kí ẹ fi tiwa sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Mo ra obì. Mo rà á. Obì tí mo rà. Fáwẹ̀lì wa kò yí, ohùn wa ló yí. Bí àbọ̀, ìyẹn ohun tó tẹ̀lé ọ̀rọ̀-ìṣe bí obì yìí, bá jẹ́ ọ̀rọ̀-orúkọ, rà yóò gòkè sí ohùn àárín, àmì rẹ̀ á sì kúrò. Bó bá jẹ́ arọ́pò-orúkọ, tàbí tí kò bá sí àbọ̀ lẹ́yìn rẹ̀, á padà sí ohùn ìsàlẹ̀ rẹ̀. Èdè méjì tí kò bá ara wọn tan, lórí ọjà kan náà, lórí obì kan náà, àwọn méjèèjì ń wẹ̀yìn wo ohun tó tẹ̀lé ọ̀rọ̀-ìṣe kí wọ́n tó mọ bí wọ́n á ṣe pè é.

Ọmọ yín rò pé ẹni tó bá ti mọ bí a ṣe ń kọ ọ̀rọ̀ kan á máa kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ níbi gbogbo. Kí ẹ sọ fún un pé gbogbo ọ̀rọ̀-ìṣe onísílébù kan tó ní ohùn ìsàlẹ̀ ló ń ṣe bí rà. Ta obì, tà á, obì tí mo tà. Ka ìwé, kà á, ìwé tí mo kà. Gba owó, gbà á. Bu gàrí, bù ú. Àwọn olóhùn òkè àti olóhùn àárín kì í yí: gbé agbọ̀n, gbé e, jẹ obì, jẹ ẹ́. Ẹ tún wo arọ́pò-orúkọ tó wà nídìí gbé àti jẹ. Lẹ́yìn gbé tó wà lókè, e wà ní àárín. Lẹ́yìn jẹ tó wà ní àárín, ẹ́ gòkè. Òun náà ń wo ohùn ẹni tó ṣáájú rẹ̀. Tí ọmọ bá fẹ́ kọ irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀, kó pè é síta ná. Ẹnu rẹ̀ ti mọ̀ ọ́n, ojú ló tàn án.

Àbọ̀ kò wá mọ sí orí ohùn nìkan. Òun ló ń sọ ohun tí ọ̀rọ̀-ìṣe túmọ̀ sí gan-an, níbí ni mo sì ti fẹ́ kí ẹ fún mi ní àyè díẹ̀, torí ibẹ̀ ni èdè dùn sí jù. Ẹ mú jẹ. A ń jẹ obì, a ń jẹ èrè, a ń jẹ gbèsè, a ń jẹ ìyà, a sì ń jẹ oyè. Ẹni tó jẹ Awùjalẹ̀ ní Ìjẹ̀bú-Òde tàbí tó jẹ Akàrígbò ní Rẹ́mọ gba ipò náà sára ni, kò lè bọ́ ọ sílẹ̀ bí ẹ̀wù mọ́. Èrò tèmi ni pé ohun tó so gbogbo jíjẹ yìí pọ̀ ni pé ohun tí a jẹ ti wọnú wa, ó ti di tiwa, ì báà dùn, ì báà korò. Àlàájì náà ń jẹ: ci goro, jẹ obì, ci bashi, jẹ gbèsè, ci riba, jẹ èrè. Àwọn Ìgbò ní iri uru, jẹ èrè. Àwọn Akan ní Gánà ní di hene, jẹ ọba. Òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì kì í jẹ gbèsè, kì í sì í jẹ ọba, ọ̀rọ̀-ìṣe ọ̀tọ̀ ló ń wá fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ibi tí àwa àti Haúsá ti pínyà ni ti ìyà: àwa ń jẹ ìyà, àwọn ń mu ún, sha wuya. A sì tún padà pàdé nídìí sìgá: àwa ń mu sìgá, àwọn ní sha taba, mu tábà.

Nítorí náà tí ẹnìkan bá bi mí pé kí ni ìtumọ̀ pa, màá bi í padà pé, pa kí ni? Pa ẹran, pa iná, pa owó, pa òwe, pa irọ́, pa àlọ́. Pa nìkan kò tíì sọ̀rọ̀. Ẹ fi èyí sọ́kàn fún Faransé ọmọ yín, torí yóò pàdé faire níbẹ̀, bó bá sì há a sórí pé ‘ṣe’ ló túmọ̀ sí, yóò rìn jìnnà sọ́nà tí kò tọ́. Faire la vaisselle ni fọ abọ́. Il fait chaud ni ooru mú. Kó máa kọ́ ọ̀rọ̀-ìṣe pẹ̀lú àbọ̀ rẹ̀, kó má ṣe yà wọ́n.

Àwọn ọ̀rọ̀-ìṣe wa tún ń bá ara wọn rìn. ‘Wọ́n gbé agbọ̀n obì wọ ọkọ̀ lọ sí Kánò’: gbé, wọ, lọ, mẹ́ta nínú gbólóhùn kan, olùwà kan, ìyẹn ẹni tó ṣe é, ló ni wọ́n, kò sí ‘àti’ láàárín wọn. Àsínpọ̀ ọ̀rọ̀-ìṣe ni wọ́n ń pè é níléèwé. Wọ́n pọ̀ lẹ́nu wa débi pé a kì í rí wọn mọ́: mú un wá, rà á jẹ, fi ewé bò ó, tà á fún un. Èdè mìíràn lè kó gbogbo rẹ̀ sínú ọ̀rọ̀ kan. Swahili, tí wọ́n ń sọ ní Tànsáníà àti Kẹ́ńyà, ní alininunulia kitabu, ‘ó ra ìwé fún mi’. A tó wà níwájú ni ‘ó’. Li sọ pé ó ti kọjá. Ni ni ‘mi’. Nunua ni rà. Lia tó gba ipò ìparí rẹ̀ ni iṣẹ́ tí fún ń ṣe fún wa. Ohun tí àwa fi ọ̀rọ̀ mẹ́rin sọ ni wọ́n gán pọ̀ mọ́ra bẹ́ẹ̀, ìwé nìkan ló dá dúró. Èwo ló dára jù? Kò sí èyí tó dára jù. Ìyá tó bá ní kí wọ́n ra ìwé fún òun yóò gbà á ní èdè méjèèjì.

Leonard Talmy, onímọ̀ èdè kan ní Amẹ́ríkà, fara balẹ̀ wo bí àwọn èdè ṣe ń sọ̀rọ̀ ìrìn, ohun tó rí sì wúlò fún ọmọ yín. Gẹ̀ẹ́sì ń fi bí a ṣe rìn sínú ọ̀rọ̀-ìṣe, á sì fi ibi tí a lọ sẹ́yìn: ran in. Faransé ń ṣe òdìkejì, wíwọlé ló máa ń di ọ̀rọ̀-ìṣe gan-an, sísáré á wá tẹ̀ lé e bí àfikún: elle est entrée en courant. Àwa kò fi ọ̀kan ṣe ẹrú èkejì. ‘Ó sáré wọlé’: sáré jẹ́ ọ̀rọ̀-ìṣe, wọlé náà jẹ́ ọ̀rọ̀-ìṣe. Tí ọmọ bá ń yí irú gbólóhùn yìí sí Faransé, èyí tó kẹ́yìn ni kó kọ́kọ́ mú, ìyẹn wọlé, kó tó wá àyè fún sísáré.

Kí n má gbàgbé àwọn ọ̀rọ̀-ìṣe tó ń là sí méjì: obì bàjẹ́, òjò ba obì jẹ́, òjò bà á jẹ́. Ẹ tún rí ba àti bà níbẹ̀, ìlànà àkọ́kọ́ yẹn ni. Àwọn ará Jámánì náà ní ọ̀rọ̀-ìṣe tó ń là: aufstehen ni dìde, ṣùgbọ́n ‘mo dìde ní aago mẹ́fà’ di ich stehe um sechs Uhr auf, auf bọ́ sẹ́yìn pátápátá.

Ní 1959, Roman Jakobson, ọmọ Rọ́ṣíà tó di olùkọ́ ní Amẹ́ríkà, sọ ohun kan tí mo máa ń fi dá irú olùkọ́ ọmọ yín lóhùn: kì í ṣe ohun tí èdè lè sọ ló fi yàtọ̀ sí èdè mìíràn, bí kò ṣe ohun tó fipá mú ẹnu sọ. Faransé fipá mú ọmọ yín sọ ẹni tó lọ lára ọ̀rọ̀-ìṣe, kódà nígbà tí ó ti dárúkọ ẹni náà. Haúsá fipá mú Àlàájì sọ bóyá ọkùnrin tàbí obìnrin ló ń bá sọ̀rọ̀. Ní Tọ́kì, ẹni tó bá ní ‘ó dé’ ní láti yàn: geldi bí ó bá fi ojú ara rẹ̀ rí i, gelmiş bó bá jẹ́ pé ó gbọ́ ọ ni tàbí pé ó rí àmì rẹ̀. Àwa náà mọ ìyàtọ̀ yẹn, a lè ní ‘wọ́n ní ó ti dé’, ṣùgbọ́n kò pọn dandan fún wa. Èyí tó pọn dandan fún wa ni o tàbí ẹ. Kò sí bí ọmọ yín ṣe lè sọ fún yín pé kí ẹ lọ láìjẹ́ pé ó ti yan ọ̀kan.

Èyí sì ni ohun àkọ́kọ́ tó máa ràn án lọ́wọ́. Tu ni ‘o’, vous ni ‘ẹ’, vous sì ń ṣe iṣẹ́ méjèèjì tí ‘ẹ’ ń ṣe: fún àgbà kan, àti fún ọ̀pọ̀ ènìyàn. Ọmọ Gẹ̀ẹ́sì ní láti kọ́ ọ láti ìbẹ̀rẹ̀, ọmọ yín bá a nílé. Àmọ́ kó ṣọ́ra nídìí ‘wọ́n’. Bó bá ń sọ̀rọ̀ yín, á ní ‘Màámi ti dé, wọ́n ń jẹun.’ Faransé kì í fi ils bọ̀wọ̀ fún ẹnì kan ṣoṣo. Elle mange ni kó kọ, kì í ṣe ils mangent. Kò rí yín fín rárá.

Èkejì, àwọn ọ̀rọ̀-ìṣe wa tó ń sọ bí nǹkan ṣe rí, ga, dára, pupa, kò ní ojúgbà ní Faransé. Être ni wọ́n ń fi gbé wọn: ‘ó ga’ di elle est grande. Être yìí náà ló máa gba ipò wà nínú ‘ó wà nílé’, elle est à la maison, àti ni nínú ‘olùkọ́ ni’, elle est professeur. Mẹ́ta wa di ọ̀kan wọn. Níbí, tiwọn ló rọrùn jù, ẹ jẹ́ kó yọ̀.

Ẹ̀kẹta ló ṣe pàtàkì jù, torí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ti ń pàdánù máàkì. Bó bá fẹ́ yí ọ̀rọ̀-ìṣe tí kò ní nǹkan níwájú sí Faransé, kó kọ́kọ́ bi í pé: ohun tí a ṣe ni ọ́, àbí ipò tí a wà? ‘Mo tà á’: ohun tí a ṣe, ó ti parí, je l’ai vendu. ‘Mo mọ̀ ọ́n’: ipò tí a wà, ó ń lọ lọ́wọ́, je le connais. Yorùbá kọ méjèèjì bákan náà, Faransé kò kọ wọ́n bákan náà. Ní ti ‘lọ’ tó bi yín léèrè, ‘mo lọ’ ni je suis allée, pẹ̀lú e kan sí i nídìí torí pé obìnrin ni ọmọ yín.

Ìyókù, ń àti máa ń ti bá a ṣe é. Faransé ní àsìkò kan tí wọ́n ń pè ní imparfait, tó ń fún àwọn ọmọ Gẹ̀ẹ́sì ní wàhálà púpọ̀. Níbi tí a bá ti lo ń tàbí máa ń fún ohun tó ti kọjá, òun ni wọ́n ń lò. ‘Ó ń jẹun nígbà tí mo dé’: elle mangeait quand je suis arrivée. ‘Nígbà yẹn, mo máa ń lọ sọ́jà’: à cette époque, j’allais au marché. Ẹ wò ó, dé kò ní ń, kò sì gba imparfait.

Ẹ̀yin kò nílò ẹyọ ọ̀rọ̀ Faransé kan láti ràn án lọ́wọ́. Tí ẹ bá dé láti ọjà lálẹ́, ẹ ní kó sọ ohun márùn-ún tó ṣẹlẹ̀ ní ìsọ̀ yín lọ́jọ́ náà ní Yorùbá, kí ẹ máa bi í ní ọ̀kọ̀ọ̀kan: ohun tí a ṣe ni àbí ipò tí a wà? Ṣé ó ti parí nígbà náà ni, àbí ó ń lọ lọ́wọ́, àbí ohun tí a máa ń ṣe ni? Bó bá ti dáhùn, kó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá ṣí ìwé rẹ̀ síbi tí ìdáhùn náà darí rẹ̀ sí, kó kọ ọ́ ní Faransé. Kí ẹ̀yin sì máa yẹ ẹ wò bóyá ó kọ ra obì àti rà á bó ṣe yẹ nínú ti Yorùbá, nítorí ìyẹn ni ẹ̀yin mọ̀ ju òun lọ.